Àwọn òṣèrébìnrin Uzbekistan: ìjọba ń lọ, ìjọba ń bọ̀, àwọn ńkọ́?

Àyìnlá_Onísinimá

Ẹ kú ìkàlẹ̀ o, ẹ̀yin ará ilé. Níbi tí a ti ń sọ̀rọ̀ fíìmù aláìlóhùn lọ́jọ́sí, ẹnì kan bèèrè ẹni tó kọ́kọ́ jẹ́ òṣèrébìnrin sinimá ní Uzbekistan, ilẹ̀ kan ní àárín gbùngbùn Éṣíà tí Tashkent jẹ́ olú-ìlú rẹ̀ lónìí, tó sì wà lábẹ́ Sófíẹ́ẹ̀tì, ìjọba Kọ́múníìsì tó ń ṣàkóso láti Moscow, títí di 1991. Àríyànjiyàn bẹ́ sílẹ̀. Mo ní kí n ṣí ojú-ewé tirẹ̀ fún un, torí ọ̀rọ̀ náà ju ohun tí èèyàn lè fi gbólóhùn kan dá lóhùn.

Láàárín 1927 sí 1929, bí wọ́n bá gbé "obìnrin Uzbek" sójú sinimá fún àwọn ará Moscow àti Tashkent, ọmọ Júù ni wọ́n ń wò. Rakhil Messerer lorúkọ rẹ̀, Ra Messerer ni wọ́n ń kọ sára pátákó. Vilnius ni wọ́n ti bí i ní 1902, Moscow ló ti kọ́ṣẹ́. Irun rẹ̀ dúdú, ẹyinjú rẹ̀ tóbi, ó sì dúdú. Ìyẹn tó olùdarí. Ní 1927 ó ṣe Adolat nínú "Ìyàwó Kejì" tí Mikhail Doronin darí, ọmọbìnrin tí wọ́n fi fún oníṣòwò olówó tó ti ní ìyàwó nílé. Lọ́dún kejì ó ṣe "Adẹ́tẹ̀" lábẹ́ Oleg Frelikh. Iléeṣẹ́ sinimá Shark Yulduzi tí wọ́n dá sílẹ̀ ní Tashkent ní 1925 ló gbé fíìmù náà jáde.

Kí ló dé tí wọn ò lo ọmọ onílùú? Ó ṣòro kí wọ́n tó rí obìnrin onílùú tó lè ṣíjú síwájú kámẹ́rà kó sì sùn mọ́jú láìbẹ̀rù. Ní ìlú ńlá bíi Tashkent àti Bukhara nígbà yẹn, paranja ni obìnrin fi ń jáde. Fún ẹni tí kò bá rí i rí: ẹ̀wù gbọ̀ọ̀rọ̀ ni, àtorí ni wọ́n ti ń gbé e kọ́. Apá rẹ̀ méjèèjì kì í ṣe èyí tí à ń ki ọwọ́ bọ̀, ẹ̀yìn ni wọ́n dà á sí, wọ́n wá so ó pọ̀ nísàlẹ̀. Iwájú ni chachvon wà, ìbòjú dúdú tí wọ́n fi irun ẹṣin hun, ó le gbandi, ó ń bọ̀ wá sí ìgbáyà tàbí ìbàdí.

Ní ọjọ́ kẹjọ oṣù Ẹrẹ́nà 1927 ni ìjọba Sófíẹ́ẹ̀tì gbé ìpolongo Hujum dìde, pé kí àwọn obìnrin bọ́ ọ, kí wọ́n jù ú síná ní gbangba. Sinimá wà lára ohun ìjà ìpolongo náà. Ìbéèrè mi ni pé, àwọn òṣèrébìnrin yìí, ṣé àwọn ló ni iṣẹ́ wọn, àbí irinṣẹ́ ìjọba ni wọ́n? Mo ti mọ ibi tí mo dúró sí: ìjọba lò wọ́n tán, ó sì gbàgbé wọn. Ẹ wá bá mi jà.

Ìyá Sùkúrá

Àyìnlá ọmọ mi, o kú iṣẹ́. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká dúró díẹ̀ níbi ọ̀rọ̀ ìbòjú yìí. Ọmọ ẹlẹ́hàá ni èmi. Inú ehà ni ìyá mi wà títí ọlọ́jọ́ fi dé, kò sẹ́ni tó fi kùmọ̀ lé e wọ̀ ọ́. Kí ìjọba tí kò gbà pé Ọlọ́run wà wá máa bọ́ aṣọ lára obìnrin olóbìnrin, kó tún pè é ní ìtúsílẹ̀? Ẹni tí wọ́n tún wá fi ṣe àpẹẹrẹ rẹ̀ nínú fíìmù, kò tilẹ̀ ní ìbòjú kankan tó fẹ́ bọ́.

Òpìtàn_Èkìtì

Alhaja, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta. Àwọn obìnrin Uzbek fúnra wọn ti sọ ohun tí ẹ sọ yìí, ẹsẹ̀ ni wọ́n fi sọ ọ́. Ọ̀pọ̀ nínú àwọn tó bọ́ ọ ní gbàgede ló tún gbé e wọ̀ kí ọjọ́ tó lọ títí.

Síbẹ̀ kò yẹ ká gbàgbé pé àwọn ọmọ onílùú kan wà tó fẹ́ ṣe eré tọkàntọkàn, tí kò sẹ́ni tó fipá mú wọn. Tursunoy Saidazimova, tí wọ́n bí ní 1911, òṣèré orí ìtàgé tó mọ orin kọ, ọkọ rẹ̀ ló pa á ní 1928. Nurkhon Yuldasheva láti Margilan, oníjó àti òṣèré, arákùnrin rẹ̀ gún un pa ní 1929 nítorí pé ó jáde láìbojú, kò tíì ju ọmọ ọdún 16 lọ. Àwọn òpìtàn fojú bu obìnrin tí wọ́n pa láàárín ọdún péréte yẹn sí nǹkan bí 2,000. Ìjọba tó ní kí wọ́n bọ́ ọ kò bá wọn sùn nílé.

Ẹ wá wo Tamara Khanum, tí wọ́n bí ní 1906 nítòsí Margilan yẹn kan náà. Òun ń jó láìbojú, ó jó dé Paris láàárín ọdún 1920 sí 1930, ó jó dé London ní 1935. Ọmọ Àméníà ni, Kìrìsìtẹ́nì làwọn ẹbí rẹ̀. Kò sí ẹ̀gbọ́n tàbí àbúrò tó máa sọ pé ó dójú ti ìdílé, kó wá yọ ọ̀bẹ sí i.

Dáúdà_Kékeré

Èyí tó ń ṣe fíìmù, Júù. Èyí tó ń jó, Àméníà. Àwọn onílùú, sàréè. Àyìnlá, mo rò pé o ti borí kí a tó bẹ̀rẹ̀.

Àyìnlá_Onísinimá

Dáúdà, mú sùúrù, mi ò tíì sọ ibi tí ti Messerer já sí.

Kò pẹ́ lẹ́nu fíìmù. Ó fi í sílẹ̀, ó gbájú mọ́ ọmọ títọ́. Àkọ́bí rẹ̀ ni Maya Plisetskaya tí gbogbo ayé padà mọ̀ nídìí ijó bálẹ́ẹ̀tì. Mikhail Plisetski ọkọ rẹ̀ di ọ̀gá níbi tí Rọ́ṣíà ti ń wa èédú ní Spitsbergen lókè réré. Wọ́n mú un ní 1937, wọ́n yìnbọn pa á nínú oṣù Ṣẹ́rẹ́ 1938. Ká tó ṣẹ́jú pẹ́, wọ́n wá kó ìyàwó náà tọmọtọmọ, ọmọ ọwọ́ ṣì wà lẹ́nu ọmú. Ẹ̀sùn tí wọ́n kà sí i lẹ́sẹ̀ kò ju pé ó jẹ́ ìyàwó ẹni tí wọ́n pa.

Ọkọ̀ ojú irin tí wọ́n fi ń kẹ́rù ni wọ́n kó wọn sí. Ó rí bébà pélébé kan, ó kọ ọ̀rọ̀ sí i, ó kọ àdírẹ́sì ilé sí i, ó sì jù ú gba ojú ihò fèrèsé sọ́dọ̀ àwọn obìnrin tí ń ṣiṣẹ́ lẹ́bàá irin. Obìnrin tí kò mọ̀ ọ́n rí ṣa bébà yẹn nílẹ̀, ó sì dé ọwọ́ ẹbí ní Moscow. Ẹ rántí pé 1938 là ń sọ, tí wọ́n lè torí irú bébà bẹ́ẹ̀ gbé ìwọ náà sínú ọkọ̀ tó tẹ̀lé e.

ALZHIR ni wọ́n gbé e lọ ní Kazakhstan, àgọ́ ẹlẹ́wọ̀n tí wọ́n yà sọ́tọ̀ fún ìyàwó àwọn tí wọ́n pè ní ọ̀dàlẹ̀, kò jìnnà síbi tí Astana wà lónìí. Àwọn àbúrò rẹ̀ Asaf àti Sulamith, tí wọ́n lórúkọ ní ilé ijó Bolshoi, sá sókè sá sódò títí wọ́n fi yọ̀ǹda pé kó lọ máa gbé ní Chimkent dípò àgọ́. Ní 1941 ló tó padà dé Moscow. Ó kú ní 1993, lẹ́yìn tí Sófíẹ́ẹ̀tì alára ti kú.

Ìjọba tó fi ojú rẹ̀ polongo ní 1927 pé obìnrin ìhà ibẹ̀ ti bọ́ lóko ẹrú, òun náà ló fi wáyà ẹlẹ́gùn-ún yí i ká ní 1938. Kí lẹ tún fẹ́ kí n sọ?

Bọ́láńlé B.

Bọ̀dá Àyìnlá, èmi ò gbà. Ẹni tó ṣe fíìmù díẹ̀ tó sì lọ lẹ mú, ẹ wá fi gbogbo iṣẹ́ náà kọ́ ọ lọ́rùn. Ẹ jẹ́ ká sọ ti ẹni tó dúró. Ẹ jẹ́ ká sọ ti Sora Eshontoʻrayeva.

1911 ni wọ́n bí i, ọdún kan náà pẹ̀lú Tursunoy tí Òpìtàn dárúkọ. Wọ́n rán an lọ pẹ̀lú àwọn ọ̀dọ́ mìíràn láti lọ kọ́ eré, nígbà tó sì dé, orí ìtàgé Tashkent ló gbà á, níbi tí wọ́n padà ń pè ní Hamza. Mannon Uyghur tó jẹ́ olùdarí níbẹ̀ ló fẹ́ ẹ. Ní 1935 ó ṣe Ophelia nínú "Hamlet", eré Shakespeare. Ní 1941, nínú "Othello" tí Shakespeare náà kọ, ó ṣe Desdemona ìyàwó, Abror Hidoyatov sì ṣe Othello ọkọ rẹ̀. Ẹ fojú inú wò ó: obìnrin tí wọ́n bí sáàárín ìbòjú, tó rí bí wọ́n ṣe ń pa àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀, ni wọ́n ń fún lọ́rùn pa lórí ìtàgé nítorí owú ọkọ, gbogbo gbọ̀ngàn sì ń sunkún. Ó dá mi lójú pé ó mọ ohun tó ń ṣe.

Sinimá náà ló ṣe, òun ló ṣáájú nínú "Asal" ní 1940. Ṣùgbọ́n èyí tó mú mi kọ ọ̀rọ̀ yìí ni "Boy ila xizmatchi", eré Hamza Hakimzoda Niyoziy tí Latif Fayziyev fi ṣe fíìmù ní 1953. Jamila ló ṣe níbẹ̀. Ìránṣẹ́ ni ọkọ Jamila, ọ̀gá olówó rí ìyàwó, ó wù ú. Wọ́n hùmọ̀ ẹ̀sùn, wọ́n fi ọkọ ránṣẹ́ sí Siberia, wọ́n wá fẹ́ fi Jamila fún bàbá arúgbó yẹn. Ó yàn láti gbé májèlé jẹ. Ẹ fi ti Adolat inú "Ìyàwó Kejì" ṣàkàwé. Ìtàn kan náà ni: ọmọbìnrin, olówó, ìgbéyàwó àfipáṣe. Lọ́dún 1927 àlejò tí kò sọ̀rọ̀ ló ṣe é fún wọn. Ọdún 1953, ọmọ onílùú ló ṣe é, ní èdè Uzbek, pẹ̀lú ohùn ara rẹ̀. Ní 1951 wọ́n ti fi í joyè Òṣèré Ará Ìlú ti gbogbo Sófíẹ́ẹ̀tì, èyí tó ga jù. Irinṣẹ́ kì í dàgbà báyìí lọ́wọ́ ẹni tó ń lò ó.

Òpìtàn_Èkìtì

Bọ́láńlé, o ṣe iṣẹ́ ọpọlọ. Ṣùgbọ́n "Hamlet" tó o dárúkọ yẹn ní ẹ̀jẹ̀ lára. Akéwì Choʻlpon ló túmọ̀ rẹ̀ sí èdè Uzbek. Ọjọ́ kẹrin oṣù Ọ̀wàrà 1938, wọ́n yìnbọn pa Choʻlpon pẹ̀lú àwọn òǹkọ̀wé Abdulla Qodiriy àti Fitrat ní Tashkent. Nínú sinimá, Suleyman Khodzhaev tó ṣe fíìmù lórí ọ̀tẹ̀ 1916 tí àwọn ará ibẹ̀ gbé dìde sí ọba Rọ́ṣíà, wọ́n ti fi òfin de fíìmù náà, wọ́n sì pa òun náà. Ophelia sọ ọ̀rọ̀ Choʻlpon lẹ́nu, wọ́n pa ẹni tó fi ọ̀rọ̀ náà sí i lẹ́nu, Ophelia ń bá eré lọ.

Ìyá Sùkúrá

Bọ́láńlé, ṣé ó dákẹ́ ni?

Bọ́láńlé B.

Màmá, kí lẹ fẹ́ kó ṣe? Ẹ ti gbọ́ ohun tí wọ́n ṣe fún obìnrin tí ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀ jẹ́ pé ó lọ́kọ. Ọkọ Sora alára jẹ́ ọ̀gá nídìí ìtàgé tí wọ́n ti ń ṣọ́ olúkúlùkù. Mi ò ní pe ìdákẹ́ rẹ̀ ní akin, mi ò sì ní pè é ní ìwà ojo. Ó wà láàyè, ó kọ́ àwọn ọ̀dọ́ lẹ́yìn rẹ̀, ó gbé títí di 1998. Ó rí òmìnira.

Ìyá Sùkúrá

Ó yé mi. Mi ò dá a lẹ́bi, ọmọ mi. Mo kàn ń ronú bí ó ṣe ń kọjá lára fọ́tò àwọn tí wọ́n ti yọ kúrò lára ògiri ni.

Òpìtàn_Èkìtì

Alhaja, ibi tó wá dùn nínú ọ̀rọ̀ fọ́tò àti orúkọ nìyí. Lẹ́yìn òmìnira ní 1991, Choʻlpon tí wọ́n pa di ẹni iyì, wọ́n ń kọ́ ewì rẹ̀ nílé ìwé. Hamza, tí àwọn èèyàn pa ní Shohimardon ní 1929, tí Sófíẹ́ẹ̀tì sọ di akọni, tí gbogbo ìtàgé ń jẹ́ orúkọ rẹ̀, òun náà ni wọ́n yọ kúrò. Ìtàgé Àpapọ̀ ni ibẹ̀ ń jẹ́ báyìí. Nurkhon ńkọ́? Wọ́n mọ ère rẹ̀ sí Margilan ní 1967. Òmìnira dé, ère lọ. Ọmọ ọdún 16 tí arákùnrin rẹ̀ pa, ó di ère nítorí ìjọba kan fẹ́, ó sọ ère nù nítorí ìjọba mìíràn ò fẹ́. Èyí tiẹ̀ bí mi nínú ju ti Hamza lọ.

Àbẹ̀kẹ́ Ọ̀yọ́

Mo ti ń ka yín láti àárọ̀. Gbogbo yín ń sọ ti arẹwà ọ̀dọ́, kò sẹ́ni tó sọ ti ìyá àgbà. Lutfixonim Sarimsoqova ńkọ́? 1896 ni wọ́n bí i, ó kú ní 1991 gan-an. Obìnrin yìí bá ọba Rọ́ṣíà láyé, ó bá Lenin, ó bá Stalin, ó bá gbogbo wọn dé òpin. Ohun tí àwọn èèyàn sì mọ̀ ọ́n sí ni ìyá nínú fíìmù.

"Sen yetim emassan" ni kí ẹ wò, fíìmù Shukhrat Abbasov ti 1962. Ìtàn tó ṣẹlẹ̀ ló gbé e lé. Nígbà ogun Hitler, wọ́n ń fi ọkọ̀ ojú irin kó àwọn ọmọ tí ogun sọ di aláìlóbìí wá sí Tashkent. Alágbẹ̀dẹ kan, Shaahmad Shamahmudov, àti Bahri Akramova ìyàwó rẹ̀ gbà lára wọn tọ́, ọmọ onírúurú ẹ̀yà, wọ́n ju mẹ́wàá lọ. Obid Jalilov ló ṣe bàbá nínú fíìmù, Lutfixonim ṣe ìyá. Ẹ má wo ẹnu rẹ̀, ọwọ́ rẹ̀ ni kí ẹ máa wò. Ọwọ́ obìnrin tó ti bọ́ ọ̀pọ̀ ẹnu nínú ìkòkò kan ni. Kò sí ìpolongo tó lè kọ́ èèyàn nírú ọwọ́ bẹ́ẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé fíìmù náà bá ohun tí ìjọba fẹ́ máa gbọ́ mu, pé gbogbo ẹ̀yà Sófíẹ́ẹ̀tì jẹ́ ọmọ ìyá.

Ní 1982 wọ́n mọ ère alágbẹ̀dẹ yìí tìyàwótìyàwó, tọmọtọmọ, sí gbàgede ńlá ní Tashkent. Ní 2008, láyé ààrẹ Karimov, wọ́n hú u kúrò lóru, wọ́n gbé e lọ sí ẹ̀yìn ìlú. Karimov kú ní 2016. Mirziyoyev dé, ní 2018 wọ́n gbé ère padà wá sí gbàgede rẹ̀. Ọdún 2018 yẹn náà ni Abbasov kú. Ẹ̀yin tí ẹ ń bèèrè bóyá irinṣẹ́ ìjọba ni wọ́n, ẹ wò ó: wọ́n gbé ère lọ, wọ́n gbé ère bọ̀, fíìmù ò kúrò nílé àwọn èèyàn.

Dáúdà_Kékeré

Màmá Àbẹ̀kẹ́, ẹ ti yí mi lọ́kàn padà díẹ̀. Díẹ̀ o. Ta ló wá wà láàárín? Láti Lutfixonim dé òní, ṣé gbogbo wọn ń ṣe ìyá ni?

Bọ́láńlé B.

Rárá o. Láti bí 1960 sókè, afẹ́fẹ́ fẹ́ díẹ̀ lẹ́yìn Stalin. Ali Khamraev ṣe "Àkọ̀ Funfun" ní 1966. Sayram Isoyeva ló ṣe Malika, obìnrin abúlé tó lọ́kọ, tí ọkàn rẹ̀ wá fà sí ọkùnrin mìíràn. Wọ́n bú u dáadáa nílé lọ́hùn-ún, pé obìnrin Uzbek kì í ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹ ò rí i pé ọ̀rọ̀ ti yí padà: tẹ́lẹ̀ ìjọba ní kí obìnrin má bẹ̀rù ọkọ, nígbà tí ẹnì kan wá gbé obìnrin tí kò bẹ̀rù jáde, ara wọn bù máṣọ.

Lẹ́yìn ìyẹn ni Dilorom Kambarova, tó bá Khamraev ṣiṣẹ́ léraléra. Ọ̀dọ́mọbìnrin ni nígbà tó ṣe "Láìbẹ̀rù" ní bíi 1971, lórí ọdún Hujum yẹn gan-an. Fíìmù yẹn kò pọ́n ìpolongo náà bí àwọn ti àtijọ́. Àwọn tó gbé òfin wá ń bẹ̀rù, àwọn tí wọ́n gbé e wá bá ń bẹ̀rù, obìnrin wà láàárín. Lẹ́yìn náà ló ṣe "Tríptikì" ní 1979, obìnrin tó fẹ́ kọ́ ilé tirẹ̀ láìdúró de àṣẹ ọkọ. Ó gba ẹ̀bùn ńlá ní San Remo ní 1980.

Gulchehra Jamilova sì ṣe Kumush nínú "Oʻtgan kunlar" ní 1969. Ìwé Qodiriy ni wọ́n mú un wá láti inú rẹ̀, Qodiriy tí wọ́n pa lọ́jọ́ kan náà pẹ̀lú Choʻlpon. Ó di 1956 kí wọ́n tó wẹ̀ ẹ́ mọ́. Ká ní Kumush fẹ́ jáde sójú sinimá ní 1950, kò sí ẹni tó jẹ́ dán an wò.

Àyìnlá_Onísinimá

Bọ́láńlé, o fẹ́ẹ̀ gbà mí lẹ́nu. Mi ò tíì gbà tán. Gbogbo ohun tó o sọ yìí ló fi hàn pé ìjọba ló ń pinnu obìnrin tó yẹ ká rí, ọdún wo ló sì yẹ ká rí i. Ní 1927 ẹni tó bọ́ ìbòjú, nígbà ogun àti lẹ́yìn rẹ̀ ìyá tó gba ọmọ tọ́, lẹ́yìn òmìnira ìyàwó ilé tó gbọ́ràn sí ìyá ọkọ. Àti aṣọ náà! Òfin 1998 ní kí ẹni tí kì í ṣe òṣìṣẹ́ ẹ̀sìn má wọ aṣọ ẹ̀sìn ní gbangba, ó di 2021 kí òfin tuntun tó yọ ìyẹn kúrò. Ìjọba Sófíẹ́ẹ̀tì ti lọ tipẹ́, ọwọ́ ìjọba ò kúrò lórí obìnrin.

Ohun tí mo gbà ni ti Sora àti Lutfixonim: wọ́n fi àyè tóóró tí wọ́n fún wọn ṣe ohun tó ju àyè náà lọ. Ti Messerer ni mi ò ní yí padà lórí rẹ̀. Ìjọba jẹ ẹ́ ní gbèsè tí kò san.

Òpìtàn_Èkìtì

Mo fara mọ́ ọ lórí ìyẹn. Kí n fi kan kún un, nítorí ẹnì kan lè máa rò pé ọ̀nà wọn jìn sí tiwa pátápátá. Láti 1968 ni Tashkent ti ń ṣe àjọ̀dún fíìmù Éṣíà àti Áfíríkà, wọ́n fi Latin America kún un nígbà tó yá. Sembène Ousmane láti Senegal wà lára àwọn tó ń lọ síbẹ̀. Nígbà tí ilé sinimá wa nílẹ̀ Áfíríkà kún fún fíìmù Amẹ́ríkà àti ti Íńdíà, ibẹ̀ ni àwọn olùdarí Áfíríkà ti ń wo iṣẹ́ ara wọn. Òmìnira dé, ó pa rẹ́. Wọ́n jí i padà ní 2021.

Ìyá Sùkúrá

Ẹ ṣeun, ẹ̀yin ọmọ mi. Ẹ ti fi iná sí mi lórí. Èwo ni èmi àti àwọn ọmọ-ọmọ mi lè jókòó wò tí kò ní sí ìpànìyàn nínú rẹ̀? Èyí tí ó ní ẹ̀rín.

Àbẹ̀kẹ́ Ọ̀yọ́

Alhaja, "Mahallada duv-duv gap" ni kí ẹ wá lórí YouTube, Abbasov kan náà ló ṣe é, 1960. Àdúgbò àtijọ́ ní Tashkent ni, wọ́n fẹ́ kó wọn lọ sí ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì ìgbàlódé, àwọn ìyá àgbà ń ṣòfófó láti ojúlé dé ojúlé. Lutfixonim wà níbẹ̀. Bí ẹ kò bá rí èyí tó ní àkọlé èdè tí ẹ gbọ́, ẹ má jẹ́ kó dà yín láàmú, ojú rẹ̀ á sọ ọ́ fún yín. Ẹ kàn má jẹ́ kí àwọn ọmọ fọwọ́ kan fóònù títí yóò fi parí, wákàtí kan àti díẹ̀ ni.